Ta Ló Ń Jẹ́ Ate?

Agogo méjì ọ̀sán Sátidé ni Hephzibah gbé kámẹ́rà rẹ̀ kalẹ̀ ní pálọ̀ Màmá Déolú ní Conyers, lẹ́bàá Atlanta. Títí di agogo mẹ́ta ààbọ̀, kò tíì rí ìṣẹ́jú kan tó ṣeé lò. Kì í ṣe pé màmá náà kò sọ̀rọ̀ o. Màmá ti gbàdúrà ìbẹ̀rẹ̀, ó ti pààrọ̀ aṣọ lẹ́ẹ̀mejì, ó sì ti kí gbogbo ìjọ láti orí pásítọ̀ dé orí àwọn tó ń tọ́jú ibi tí wọ́n ń gbé mọ́tò sí.

Ọmọ Olúdáre ará Loganville ni Hephzibah yìí. Yorùbá ni bàbá rẹ̀, Joanna ìyá rẹ̀ sì jẹ́ nọ́ọ̀sì, ọmọ Filipino. Fíìmù àkọ́kọ́ tí ọmọbìnrin náà máa ṣe nìyí, lórí àwọn nọ́ọ̀sì Filipino tó ti pẹ́ ní Atlanta. Àwòrán kan ló fẹ́ fi bẹ̀rẹ̀ rẹ̀: obìnrin méjì nínú aṣọ funfun ní ọgbọ̀n ọdún sẹ́yìn, kéèkì wà láàárín wọn, wọ́n ń rẹ́rìn-ín débi pé ojú wọn fẹ́rẹ̀ẹ́ pa dé. Ọ̀kan jẹ́ ọmọ Filipino. Ìkejì ni Màmá Déolú.

"Mọ́mì, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má wo kámẹ́rà. Èmi ni kí ẹ máa wò."

"Àwọn tó wà nínú kámẹ́rà ńkọ́?"

"Kò tíì sí ẹnì kankan níbẹ̀."

"Wọ́n ń bọ̀. Tí wọ́n bá dé tí wọ́n bá mi tí mo kọ ẹ̀gbẹ́ sí wọn, wọ́n á ní ìyá yìí ò lẹ́kọ̀ọ́ ilé." Ó juwọ́ sí kámẹ́rà. "Ẹ káàsán o, gbogbo ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń wò wá."

Hephzibah pa kámẹ́rà, ó mí kanlẹ̀, ó tún tàn án.

"Ẹ sọ orúkọ yín, Mọ́mì, àti iṣẹ́ tí ẹ ṣe."

"Màmá Déolú."

"Orúkọ yín gan-an. Mo máa kọ ọ́ sísàlẹ̀ ibẹ̀, kí àwọn èèyàn lè mọ̀ yín."

"Oyèrónkẹ́ Àjíbọ́lá, nọ́ọ̀sì afẹ̀yìntì. Ṣùgbọ́n tó o bá kọ ìyẹn sílẹ̀, kò sẹ́ni tó máa mọ̀ mí. Kọ Màmá Déolú."

Hephzibah kò jiyàn. Ó gbé àwòrán náà lé e lọ́wọ́. "Ta ni ẹ jọ wà níbí?"

Ojú màmá tàn. Fún ìgbà àkọ́kọ́ lọ́sàn-án ọjọ́ náà, ó gbàgbé kámẹ́rà pátápátá.

"Ate nìyẹn."

"Ẹ sọ nípa ẹ̀ fún mi."

"Tí mo bá ní kí n sọ̀rọ̀ Ate, ilẹ̀ á ṣú. Ọdún méjìlélógún la jọ fi ṣiṣẹ́ ní wọ́ọ̀dù kan náà. Bàtà rẹ̀, sáìsì márùn-ún ààbọ̀. Ọkọ rẹ̀ máa ń hanrun débi pé inú mọ́tò ni Ate ń sùn tó bá níṣẹ́ láàárọ̀. Òun ló kọ́ mi bí wọ́n ṣe ń wọ títì 285 láìdijú. Nígbà tí mo bí Tẹ́ní, àbúrò Déolú, ara mi ò yá, Ate gba ṣífìtì mi ṣe lé tiẹ̀ fún ọ̀sẹ̀ méjì gbáko, kò sì fẹnu kàn án fún ẹnikẹ́ni. Mi ò lè gbàgbé ìyẹn láéláé."

Inú Hephzibah dùn. Ohun tó ń wá látìgbà tó dé nìyí.

"Àwọn ọmọ rẹ̀ ńkọ́?"

"Mo mọ gbogbo wọn. Bong, Jun-Jun, àti Baby."

"Mọ́mì, gbogbo ilé Filipino ló ní Jun-Jun. Mẹ́ta ló wà nínú ẹbí tiwa."

"Èyí tí mò ń sọ sanra díẹ̀." Màmá tún ìjókòó rẹ̀ ṣe. "Kérésì kan, mo se ìrẹsì fún Ate, mo gbé e fún un nínú ìkòkò mi aláwọ̀ ewé, èyí tó lọ́mọrí tó dáa. Kò dá a padà títí dòní. Mi ò sọ nǹkan kan. Mi ò bínú. Ṣé o ń ya èyí?"

"Bẹ́ẹ̀ ni, Mọ́mì."

"Yọ ti ìkòkò kúrò."

"Màá yọ ọ́. Ẹ wá sọ orúkọ rẹ̀ fún mi."

"Ate."

"Orúkọ rẹ̀ gan-an."

"Mo ní Ate."

Hephzibah rọra sún síwájú. "Mọ́mì, Ate kì í ṣe orúkọ. Ẹ̀gbọ́n obìnrin ló túmọ̀ sí lédè wọn. Ohun tí mò ń pe ẹ̀gbọ́n mi náà nìyẹn nílé."

"Ṣé o rò pé mi ò mọ̀ ni? Ọdún mẹ́ta ló fi jù mí lọ. Níjọ́ tí mo dé wọ́ọ̀dù, mo gbọ́ tí àwọn ọmọ Filipino kéékèèké ń pè é bẹ́ẹ̀. Mo bi wọ́n kí ni ìtumọ̀ rẹ̀, wọ́n ní ẹ̀gbọ́n ni. Mo ní a dúpẹ́, àwọn tó mọ ẹ̀gbọ́n ṣì wà ní Amẹ́ríkà. Láti ọjọ́ náà, Ate ni."

"Ẹ ò wá bi í pé kí lorúkọ rẹ̀?"

"Kí n dúró níwájú ẹ̀gbọ́n mi, kí n ní kí lorúkọ ẹ? Olúdáre ò kọ́ ẹ nílé ni?"

"Fún ọdún méjìlélógún, Mọ́mì?"

"Ọ̀sẹ̀ àkọ́kọ́ ni wọ́n ń béèrè orúkọ. Tí ọ̀sẹ̀ yẹn bá ti kọjá, ìtìjú ló kù."

Hephzibah fi ìka ka ọjọ́ tó kù. Ọjọ́ Ẹtì tó ń bọ̀ ni gbèdéke tí ó gbọ́dọ̀ fi fíìmù náà ránṣẹ́, àwọn tó sì fẹ́ ṣàfihàn rẹ̀ ti sọ pé àwọn ò ní gba àwòrán ẹni tí kò lórúkọ. Ìyẹn nìkan kọ́ ló ń dùn ún. Lọ́jọ́ tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ yìí, ìyá rẹ̀ sọ fún un pé ní gbogbo ọdún tí òun fi ń tọ́jú aláìsàn, "nọ́ọ̀sì Filipino yẹn" ni wọ́n ń pe òun, bí ẹni pé ọ̀kan ṣoṣo ni gbogbo wọn. Hephzibah ṣèlérí fún un pé kò sẹ́ni tó máa gba inú fíìmù òun kọjá láìlórúkọ. Ó wá ku ọjọ́ mẹ́fà, ẹni tí fíìmù fẹ́ fi bẹ̀rẹ̀ gan-an kò lórúkọ.

Ó sọ gbogbo rẹ̀ fún Màmá Déolú. Màmá tẹ́tí sílẹ̀ láìdá a lẹ́nu, èyí tí kò ṣe rí látìgbà tí wọ́n ti bẹ̀rẹ̀.

"Òótọ́ ni ìyá ẹ sọ," ó ní. "Èmi náà, 'nọ́ọ̀sì Áfíríkà yẹn' ni. Jẹ́ ká wá orúkọ náà. Bi mí ní ìbéèrè."

"Báàjì rẹ̀ ńkọ́? Gbogbo nọ́ọ̀sì ló ní báàjì."

"Báàjì Ate máa ń yí padà ni. Ẹ̀yìn rẹ̀ ni mo mọ̀. Nọ́ńbà tí wọ́n ń pè tí ilé bá ń jó ló wà níbẹ̀. Mo lè kà á fún ẹ láìwo ìwé."

"Ìwé ṣífìtì tí wọ́n ń lẹ̀ mọ́ ògiri?"

"Orúkọ tèmi ni mo máa ń wá níbẹ̀. Tí mo bá ti rí i pé wọ́n fi mí sí Sọ́ńdè, inú á bí mi, mi ò ní rí orúkọ ẹlòmíì mọ́."

"Àwọn dókítà kì í pè é ni?"

"Dókítà tó bá gbọ́n, Ate lòun náà ń pè é."

"Nígbà tó fẹ́ fẹ̀yìn tì, ẹ ò fún un ní káàdì?"

"Èmi ni mo rà á. Èmi ni mo kọ ọ́. 'Sí Ate wa ọ̀wọ́n.' Èèyàn mẹ́rìnlélógún ló fọwọ́ sí i, kò sẹ́ni tó sọ pé mo ṣì í kọ."

Hephzibah fa àwòrán náà sún mọ́ ojú. Ó rí i pé wọ́n kọ nǹkan sórí kéèkì tó wà láàárín àwọn obìnrin méjèèjì. Ó yà á sínú fóònù rẹ̀, ó fẹ̀ ẹ́, ó tún fẹ̀ ẹ́ sí i. Ìrètí rẹ̀ sọjí. Màmá Déolú náà ti dìde wá dúró lẹ́yìn rẹ̀.

"Kí ni wọ́n kọ?"

"'Ẹ kú ọjọ́ ìbí, Ate.'"

"Ṣé o rí i? Mo sọ fún ẹ."

Hephzibah fi fóònù sílẹ̀. Màmá wojú rẹ̀, àánú rẹ̀ ṣe é.

"Fún un lórúkọ, ọmọ mi. Kọ Maria. Nínú mẹ́wàá wọn, mẹ́jọ ni Maria."

"Mọ́mì, mi ò lè ṣe bẹ́ẹ̀."

"Mò ń ràn ẹ́ lọ́wọ́ ni."

"Òun ńkọ́, ó mọ orúkọ tiyín?"

"Ate? Ate tó mọ ọjọ́ ìbí gbogbo aláìsàn? Ó mọ̀ ọ́n dáadáa. Ate kì í ṣe aláìbìkítà bíi tèmi."

"Kí ló máa ń pè yín?"

"Màmá Déolú."

Hephzibah wò ó. Màmá fọwọ́ tún ìborùn rẹ̀ ṣe, ó wo fèrèsé.

"Ibo ló wà báyìí, Mọ́mì?"

"Ó fẹ̀yìn tì lọ́dún 2012. Ó ní òun ń kó lọ sọ́dọ̀ ọmọ òun. Kalifóníà, mo rò."

"Ẹ ò pè é láti ìgbà náà?"

Màmá Déolú yíjú sí tábìlì. Ó ká aṣọ orí tábìlì tó ti wà bó ṣe yẹ kó wà, ó tún tẹ́ ẹ.

"Pa kámẹ́rà yẹn," ó ní.

Hephzibah pa á.

"Ìkòkò Ate wà lọ́wọ́ mi."

"Ìkòkò wo?"

"Nígbà tí Tẹ́ní jáde high school, Ate se núdù wọn yẹn, pancit, ìkòkò ńlá kan. Ó gbé e wá fúnra rẹ̀. A jẹ ẹ́ tán lọ́jọ́ yẹn gan-an. Mo fọ ìkòkò náà, mo gbé e sílẹ̀, mo ní màá dá a padà."

"Kí ló wá dá yín dúró?"

"Ṣé wọ́n ń dá ìkòkò padà lófìfo ni? Mo ní kí n fi mọ́ínmọ́ín kún un. Ọ̀sẹ̀ yẹn, mi ò rí ewé. Ọ̀sẹ̀ kejì mo rí ewé, wọ́n fi mí sí ṣífìtì. Ọ̀sẹ̀ kẹta, wọ́n pè mí láti ilé pé màmá mi ti kú, mo lọ sin ín. Kí n tó padà dé, Ate ti fẹ̀yìn tì, ó ti kó lọ. Mo wá ní tí mo bá fẹ́ pè é báyìí, mọ́ínmọ́ín nìkan ò tó mọ́. Ó gbọ́dọ̀ ní ẹran. Ọdún kan kọjá, mo ní ó gbọ́dọ̀ ní aṣọ. Bó ṣe ń pẹ́ sí i ni nǹkan tí mo máa fi sínú ìkòkò náà ń pọ̀ sí i. Fóònù mi wá bọ́ sómi, nọ́ńbà rẹ̀ bá a lọ. Kí n sọ òótọ́ fún ẹ, ara tù mí." Ohùn rẹ̀ rẹlẹ̀. "Èèyàn tó gba iṣẹ́ ṣe fún mi. Torí ìkòkò ni mo fi pàdánù rẹ̀."

Hephzibah sún mọ́ ọn. Ó di ọwọ́ màmá mú. "Ilé wa náà bẹ́ẹ̀ ni, Mọ́mì. Ìyá mi kì í dá abọ́ ẹnikẹ́ni padà lófìfo. Abọ́ àwọn ará Marietta kan wà nílé wa tó ti dàgbà jù mí lọ."

"Ìyá ẹ gbọ́n. Ṣé o wá rí i."

"Ibo ni ìkòkò náà wà?"

"Orí wọ́dúróòbù. Aṣọ ni mo fi wé e. Mi ò fẹ́ kó máa wò mí."

"Ẹ ti wo ìdí rẹ̀ rí?"

"Ta ló ń wo ìdí ìkòkò?" Ó gbé ọwọ́ lé àyà. "Hephzibah."

"Mọ́mì."

"Mátrọ̀n wa ìgbà yẹn. Ìkòkò tó bá rí ní yàrá ìjẹun wọ́ọ̀dù tí kò lórúkọ, dọ́sìbìn ló ń jù ú sí. Gbogbo wa la máa ń kọ orúkọ sídìí ìkòkò. Kútẹ́ẹ̀sì pupa ni mo fi ń kọ tèmi."

Hephzibah ti bọ́ sí yàrá kí màmá tó parí ọ̀rọ̀. Ó gun àga, ó gbé ẹrù ńlá kan sọ̀kalẹ̀, ó gbé e wá sí pálọ̀, ó tú aṣọ tí wọ́n fi wé ìkòkò náà. Gèlè ló kún inú rẹ̀ fọ́fọ́.

"Mo ní kó má kàn wà lásán," ni Màmá Déolú wí.

Wọ́n kó gèlè sílẹ̀, wọ́n yí ìkòkò náà dé. Pílásítà funfun tí àwọn nọ́ọ̀sì fi ń lẹ ojú ọgbẹ́ wà nídìí rẹ̀, ó ti pọ́n díẹ̀, bírò aláwọ̀ búlúù ni wọ́n fi kọ nǹkan sí i lára. Hephzibah kà á sókè.

"Felicitas Macaraeg. Nọ́ńbà fóònù rèé. Lẹ́yìn náà wọ́n kọ ọ́ pé, 'Ẹ jọ̀ọ́, ẹ dá a padà.'"

"Ó kọ ìyẹn?"

"Ó fi ìlà méjì sí i nídìí."

Màmá Déolú jókòó. Ó gbé ìkòkò náà lé ẹsẹ̀, ó ń fi ìka tọ orúkọ náà díẹ̀díẹ̀, omi sì lé ròrò sí i lójú.

"Felicitas," ó ní. "Ohun tó ń jẹ́ látìgbà yìí nìyí."

"Ṣé ó bá a mu?"

"Rárá o. Ate ló bá a mu." Ó nu ojú rẹ̀. "Tan kámẹ́rà yẹn."

Hephzibah tàn án. Màmá Déolú tẹjú mọ́ kámẹ́rà gan-an, kò sì sẹ́ni tó sọ fún un pé kó má wò ó.

"Orúkọ ẹ̀gbọ́n mi ni Felicitas Macaraeg. Ẹ káàsán o."

Hephzibah fi kámẹ́rà sílẹ̀ kó máa yà á lọ. "Ó yá, Mọ́mì, ẹ jẹ́ ká pè é. Mo gbọ́dọ̀ gba àṣẹ lọ́wọ́ rẹ̀ kí n tó lo àwòrán."

"Kí n pe ta? Lẹ́yìn ọdún mẹ́tàlá, pẹ̀lú ìkòkò òfìfo? Jẹ́ kí n rẹ ẹ̀wà sómi. Títí ọ̀la—"

"Mọ́mì, tí ẹ bá rẹ ẹ̀wà yẹn, ọdún mẹ́tàlá míì nìyẹn."

"Mi ò lè sọ pé ó ṣófo."

Hephzibah ronú díẹ̀. Ó dìde lọ sídìí àpò rẹ̀, ó mú lumpia tí ìyá rẹ̀ fi rán an sí màmá láàárọ̀ wá, ẹran tí wọ́n fi ìyẹ̀fun wé tí wọ́n dín. Ó dà á sínú ìkòkò.

"Kò ṣófo mọ́."

Màmá Déolú yọjú wo inú rẹ̀. "Oúnjẹ Filipino lo fẹ́ kí n fi dá Filipino lóhùn?"

"Ẹ fi tiyín sí i."

Màmá lọ sí kíṣíìnì, ó bu ṣinṣín ẹ̀kúnwọ́ méjì wá, ó dà á lé e lórí. Ó gbé e wò lọ́wọ́ bóyá ó wúwo tó. "Ó ṣì kéré," ó ní, "ṣùgbọ́n mo lè fi bẹ̀bẹ̀."

Hephzibah tẹ nọ́ńbà náà, ó gbé fóònù lé e lọ́wọ́. Kó tó dún lẹ́ẹ̀kejì, Màmá Déolú ti kúnlẹ̀ sórí kápẹ́ẹ̀tì pẹ̀lú orúnkún tó ń dùn ún.

"Mọ́mì, kò lè rí yín."

"Èmi rí ara mi. Dákẹ́. Ó ń dún... Ate?" Ohùn rẹ̀ di ohùn ọmọdé. Gẹ̀ẹ́sì ló ń sọ, ṣùgbọ́n ó ń tẹ orí ba bí ó ṣe ń sọ ọ́. "Ate, èmi ni... Ẹ mọ ohùn mi? Ó mọ ohùn mi, Hephzibah... Bẹ́ẹ̀ ni, Màmá Déolú ni... Mo wà láàyè, ẹ̀yin náà wà láàyè, a dúpẹ́... Ibo lẹ wà?... Marietta? Ate, Marietta wo? Marietta tiwa yìí, lẹ́bàá Atlanta níbí?... Látọdún wo?" Ó gbé fóònù kúrò létí. "Ọdún mẹ́tàlá ló ti wà ní Marietta. Ọ̀dọ̀ Jun-Jun. Gbogbo àdúrà tí mò ń gbà ránṣẹ́ sí Kalifóníà, ta ló ń gbà á?"

"Ẹ bẹ̀ ẹ́ nípa ìkòkò," Hephzibah sọ fún un lábẹ́lẹ̀.

"Ate, ẹ má bínú. Ìkòkò yín wà lọ́wọ́ mi... Rárá o, kò ṣófo. Ó wúwo." Ó tẹ́tí sílẹ̀ fún ìgbà pípẹ́. Èjìká rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í mì. Hephzibah rò pé ẹkún ni, àfi ìgbà tó rí eyín rẹ̀. Ẹ̀rín inú àwòrán yẹn gan-an ni, ọgbọ̀n ọdún kò mú nǹkan kan kúrò nínú rẹ̀. Ọmọbìnrin náà wo kámẹ́rà, ó rí iná pupa tó ń tàn níwájú rẹ̀, inú rẹ̀ dùn débi pé ó fẹ́ sunkún.

"Ó ní kí n gbé e bọ̀ lọ́la lẹ́yìn ìsìn," Màmá Déolú wí. "Ó ní ìwọ náà kó o wá pẹ̀lú kámẹ́rà. Ó gbà kó o lo àwòrán, ṣùgbọ́n kó o bá òun jẹ́ kí ọrùn òun gùn díẹ̀ nínú ẹ̀."

"Ẹ bá mi dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Ó ku ìbéèrè kan, Mọ́mì. Mo ní láti kọ orúkọ ẹ̀yin méjèèjì sábẹ́ àwòrán náà. Ìdí ìkòkò la ti rí tiẹ̀. Mo fẹ́ kí tiyín ti ẹnu rẹ̀ jáde."

"Ìyẹn ò le. Ate ò lè gbàgbé mi." Ó gbé fóònù padà sétí, ó gbéra ga lórí orúnkún rẹ̀. "Ate, ọmọ yìí fẹ́ kọ orúkọ mi sínú fíìmù. Ẹ bá mi sọ fún un, kí lorúkọ mi?"

Màmá Déolú ń rẹ́rìn-ín músẹ́, ó ń dúró. Ó dúró títí. Ẹ̀rín músẹ́ náà rọra kúrò lójú rẹ̀, ó fọwọ́ bo ẹnu fóònù, ó yíjú sí Hephzibah.

"Ó ní kí n má tíì pa fóònù, òun ń lọ wo ìdí ìkòkò mi."